Ìyá Dhanwantie Jagernath, Ohùn Ìdájí Rédíò Bhor

Ní ọdún 1941, ní abúlé Henar ní ẹkùn Nickerie, lórílẹ̀-èdè Suriname, ni a bí ìyá wa, Olóògbé Dhanwantie Jagernath, sínú ìdílé Bàbá Mahabier, àgbẹ̀ onírẹsì, àti Ìyá Phoelbasia. Bàbá-bàbá wọn ló wọ ọkọ̀ ojú omi láti Íńdíà wá ṣiṣẹ́ oko ìrèké. Àwọn tó mọ bàbá náà sọ pé bó bá ké pe màlúù rẹ̀ ní Henar, màlúù ẹni ẹlẹ́ni ló ń wá. Ẹni bíni là á jọ.

Ìyá wa lọ sí ilé ẹ̀kọ́ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ abúlé náà. Wọ́n wọ ẹgbẹ́ akọrin, ṣùgbọ́n lẹ́yìn orin kan ṣoṣo, olùkọ́ ní kí wọ́n lọ máa di àsíá mú. Wọn kò bínú. Wọ́n di àsíá mú, wọ́n sì ń kọrin lọ.

Ní ọdún 1960, wọ́n fẹ́ Bàbá Soekhdew Jagernath, ẹni tí ń tún katakata ṣe. Ọlọ́run fi ọmọ mẹ́ta ta wọ́n lọ́rẹ, Kisoen ni àkọ́bí. Nínú ẹ̀sìn Híńdù wọn, ìyá wa kò ṣe ìmẹ́lẹ́ rí. Kí oòrùn tó yọ, wọ́n á ti wẹ̀, wọ́n á tan àtùpà níwájú ère Rámà, wọ́n á sì gbé orin ìyìn. Òwú ni Bàbá fi ń di etí ní tiwọn.

Ní ọdún 1979, Páńdíìtì Dihal, àlùfáà tẹ́ńpìlì Henar, dá Rédíò Bhor, ìyẹn Rédíò Ìdájí, sílẹ̀ nínú yàrá kan lẹ́yìn tẹ́ńpìlì. Láàárọ̀ ọjọ́ ìfilọ́lẹ̀, ọ̀fun akọrin tí wọ́n gbà dí pátápátá. Ìyá wa, tí wọ́n kàn gbé òdòdó wá, ni wọ́n bẹ̀ pé kí wọ́n kọ orin ìyìn ìdájí náà lẹ́ẹ̀kan péré. Ẹ̀ẹ̀kan náà di ọdún mẹ́rìnlá.

Kí a má purọ́ mọ́ òkú, ohùn ìyá wa kò dùn. Ó dà bí ìlẹ̀kùn páànù tí afẹ́fẹ́ ń fà. Ṣùgbọ́n bí aago márùn-ún àárọ̀ bá ti lù, kò sẹ́ni tó lè gbọ́ ọ kó má dìde. Àwọn mìíràn dìde láti lọ pa rédíò ni. Kí wọ́n tó dé ìdí rẹ̀, oorun ti dá lójú wọn.

Ní ọdún 1993, Ọ̀gbẹ́ni Bisesar, tó ni ilé ẹ̀rọ ìrẹsì, tọ Páńdíìtì lọ. Ó ní, "Ẹ wo ti Ọlọ́run, ẹ gbà wá lọ́wọ́ ìyá yìí. Ajá mi ò jẹun àárọ̀ mọ́!" Ni Páńdíìtì bá mú omidan Asharani wá láti Paramaribo, ọmọ tí ohùn rẹ̀ dùn bí oyin. Páńdíìtì sọ fún ìyá wa pé, "Ẹ̀gbọ́n, ẹ ti ṣe gudugudu méje, ẹ lọ sinmi." Ìyá wa ní, "Ó dáa." Wọ́n délé, wọ́n dákẹ́. Wọn kò kọrin nídìí àtùpà mọ́, wọn kò kọrin nídìí àwo.

Asharani bẹ̀rẹ̀. Ohùn náà dùn débi pé Henar fi aṣọ borí, ó sùn padà. Ọkùnrin tí ń ṣí omi sóko ìrẹsì sùn títí irúgbìn fi ń rọ. Àwọn òṣìṣẹ́ Bisesar ń dé nígbà tí oòrùn ti mú. Páńdíìtì fúnra rẹ̀ sun oorun àsùnpara. Àwọn olùjọsìn jókòó síwájú ìlẹ̀kùn tẹ́ńpìlì, Rámà wà nínú àtìmọ́lé.

Nílé, Bàbá ni kò lè fara dà á mọ́. Wọ́n ní, "Ìyá Kisoen, ẹ kọrin."

"Ta ló fẹ́ gbọ́ ọ?"

"Èmi ni. Ẹ wo etí mi, mo ti yọ òwú. Ilé yìí ti dákẹ́ jù, ẹ̀rù ń bà mí."

Ìyá wa fi etí aṣọ nu ojú. Lọ́jọ́ kejì, Páńdíìtì àti Bisesar dé pẹ̀lú ọwọ́ ẹ̀bẹ̀.

Ìyá wa bi wọ́n pé, "Ṣé ohùn mi ti wá dùn ni?"

Bisesar ló dáhùn: "Rárá o, Ìyá, Ọlọ́run ń gbọ́ wa. Kò dùn. Ṣùgbọ́n ẹ jọ̀ọ́, ẹ wá jí wa."

Ìyá wa rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú wọn. Àmọ́ wọ́n ní àwọn kò ní padà bí wọ́n bá lé ọmọ ọlọ́mọ. Báyìí ni Asharani ṣe gba orin alẹ́, tí ó ń fi rẹ àwọn ọmọdé sùn. Nígbà tó yá, Kisoen, àkọ́bí, fẹ́ ẹ sílé. Ìyá àti ìyàwó ọmọ pín ọjọ́ mọ́ra wọn lọ́wọ́, wọn kò sì jà rí, àyàfi lórí iyọ̀.

Ìyá wa sin rédíò náà títí di ọdún 2016, nígbà tí wọ́n sùn lọ lẹ́yìn oúnjẹ ọ̀sán, búrẹ́dì pẹlẹbẹ tí à ń pè ní rótì àti ẹ̀fọ́ elégédé. Wọ́n fi Bàbá Soekhdew sáyé lọ. Wọ́n fi ọmọ mẹ́ta, Kisoen, Sewdath àti Roekminie, sílẹ̀, pẹ̀lú Asharani, àwọn ọmọ-ọmọ, àti gbogbo Henar.

Ẹ sùn re, Ìyá wa. Iná tí a fi sun òkú yín kò ní jó yín kó dùn yín, odò tí a da eérú yín sí yóò gbé yín dé ibi rere. Bí Ọlọ́run bá sì ní kí ẹ tún ayé wá, ilé wa ni kí ẹ yà sí. Ohùn yòówù tí ẹ bá gbé wá, a ó gbà á.