Òjìji Búùtà Fàtímọ̀

Ọjọ́ Ajé, 3 Oṣù Kejì, 2025

Mo bọ́ aṣọ ọ̀fọ̀ lónìí. Oṣù mẹ́rin ó lé ọjọ́ mẹ́wàá pé. Èmi ọmọ Mẹ́tọ́díìsì láti Iléṣà, mo ṣe opó bí obìnrin Mùsùlùmí, torí ọkọ mi ni, àwọn ará ilé rẹ̀ ní Òkè-Báálẹ̀ yìí kò sì fi ìyà jẹ mí rí. Ọgbọ̀n ọdún ni mo fi kọ́ ọmọ ọlọ́mọ bí a ti ń kọ ìwé. N kò kọ ọ̀rọ̀ ara mi sílẹ̀ rí.

Ilé dákẹ́. Yàrá tí Ọlọ́dà ti ń yàwòrán ṣì wà ní títì. Ọlọ́dà — èmi nìkan ni mo ń pè é bẹ́ẹ̀, nínú ọkàn mi. Mùyídéènì ni gbogbo ayé mọ̀ ọ́n sí. Òórùn ọ̀dà rẹ̀ ń gba abẹ́ ilẹ̀kùn jáde wá bá mi ní pálọ̀.

Ọkùnrin kan ń bọ̀ lọ́la láti yunifásítì. Wisdom ni orúkọ rẹ̀. Wọ́n fẹ́ pàtẹ gbogbo àwòrán Ọlọ́dà sí gbọ̀ngàn kan ní Òkè-Fìà. Ó ní òun fẹ́ rí àwọn ohun èlò tó fi yà wọ́n.

Ẹrù Onílé nìyẹn. Onílé — Fàtímọ̀, ìyàwó tó kú ní ọdún méjì kí n tó dé. Ọdún kẹtàdínlọ́gbọ̀n rèé tí mo ti wà nínú ilé yìí. Mo ṣì máa ń wẹ̀yìn wò kí n tó fọwọ́ kan nǹkan rẹ̀.

Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, 4 Oṣù Kejì

Wisdom dé. Ọmọkùnrin jẹ́jẹ́, ó fi awò sójú, ó bọ́ bàtà sí ẹnu ọ̀nà láìjẹ́ pé mo sọ fún un. Mo kó ẹrù náà sílẹ̀ níwájú rẹ̀: búùtà àlùwàlá kan, kọ́ọ̀bù tánganran méjì, ìyarun onígi, fìtílà. Kò ju bẹ́ẹ̀ lọ. Ó wọ ìbọ̀wọ́ kó tó gbé búùtà, ó fi ọwọ́ méjèèjì gbé e bí ẹni gbé ọmọ tuntun.

Ó bi mí bóyá mo mọ ohun tí Bàbá ṣe. Mo ní kó sọ. Ó ní nígbà tí Bàbá bẹ̀rẹ̀, òrìṣà àti iwin ni gbogbo ayàwòrán Òṣogbo ń yà, ojú ràngàndan bí ojú òwìwí, òun ni òyìnbó ń rà. Ni ọkùnrin kan bá jókòó, ó ya búùtà. Wọ́n fi rẹ́rìn-ín: Mùyídéènì ti di ayàwòrán ilé ìdáná! Lónìí ńkọ́? Láti ibí dé Accra, àwọn ọ̀dọ́ ń ya sílípáàsì, wọ́n ń ya kẹ́ẹ̀gì, wọ́n ń ya àga tó kán lẹ́sẹ̀. Ó ní inú yàrá yìí ni gbogbo rẹ̀ ti ṣẹ̀.

“Mọ̀mí, Bàbá ló kọ́ wa pé ohun tó wà lórí tábìlì tó ohun tí ènìyàn ń wò títí.”

Mo mi orí. Ohun tí èmi mọ̀ yàtọ̀. Èmi mọ ọkùnrin kan tó ń kí ìrun àsùbáà tán, tí í wọ yàrá, tí í jókòó ti ẹrù ìyàwó rẹ̀ tó kú títí oòrùn á fi mú. N kò jowú.

Irọ́. Mo jowú.

Ọjọ́ Ẹtì, 7 Oṣù Kejì

Wisdom to àwòrán mọ́ ara ògiri, ọdún sí ọdún. Ọ̀kànlélọ́gọ́ta. Ó pè mí, ó ní ayàwòrán méjì ni òun rí níbẹ̀. Títí dé òpin ọdún 1998, àárín gbùngbùn ni búùtà máa ń wà, ó nà ró bí ẹni fẹ́ ya fọ́tò, àdìrẹ aláràbarà wà lẹ́yìn rẹ̀. Lẹ́yìn ìyẹn, àdìrẹ pòórá. Búùtà sún lọ sí ẹ̀gbẹ́, ó fi àyè òfìfo ńlá sílẹ̀, bí ìgbà tí ẹnì kan dìde kúrò lórí àga. Ó ní àwọn ti ìkẹyìn wọ̀nyí ni ayé ń tìtorí wọn pariwo.

“Mọ̀mí, kí ló ṣẹlẹ̀ nínú ilé yìí ní ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 1999?”

Mo ní ìrẹsì mi ń jóná. Mo sáré wọ ilé ìdáná. Kò sí nǹkan kan lórí iná.

Ẹ jẹ́ kí n kọ ọ́. Kò sí ẹni tó máa kà á.

Oṣù kìn-ín-ní ni. Ọyẹ́ mú. Mo jẹ́ ìyàwó tuntun, n kò tíì pé ọdún kan nílé. Mo fẹ́ ṣe ohun rere: kí Ọlọ́dà jí bá omi gbígbóná fún àlùwàlá. Mo gbé búùtà Onílé lé orí sítóòfù, mo ní kí n fẹ̀yìn lélẹ̀ díẹ̀. Oorun gbé mi lọ. Nígbà tí mo jí, omi ti gbẹ, ìdí búùtà ti yọ́, ó lu. Ọlọ́dà wà ní Ìbàdàn fún ọjọ́ mẹ́ta — n kò tilẹ̀ rántí pé kò sí nílé! Omi tí mo ń sè fún ọkùnrin tí kò sí nílé.

Mo fi í sínú àpò, mo wọkọ̀ lọ sí Iléṣà. N kò rí irú rẹ̀. Ìbòkun ni mo ti rí èyí tó jọ ọ́, lọ́wọ́ ìyá àgbà kan. Mo padà délé, mo lọ sí ẹ̀yìnkùlé, mo fi òkúta lù ú kó lè tẹ̀ wọnú níbi tí ti Onílé ti tẹ̀. Mo fi iyanrìn ha á lára kó má dán mọ́. Ẹnu rẹ̀ nìkan ni n kò rí ṣe. Ti Onílé gùn, ó sì tọ́ gbọnrangandan. Èyí kúrú, ó tẹ̀ kọrọdọ. Mo ní kò níí mọ̀. Ọkùnrin mélòó ló ń wo ẹnu búùtà?

Mo fẹ́ ayàwòrán, mo sì ń rò bẹ́ẹ̀.

Ọjọ́ Àìkú, 9 Oṣù Kejì

Mo lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì. Orin kò jáde lẹ́nu mi.

Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, 11 Oṣù Kejì

Abdullateef wá bá wa di àwòrán. Ọwọ́ Ọlọ́dà ló ti kọ́ṣẹ́, òun náà ti dàgbà báyìí, irùngbọ̀n rẹ̀ ti ń funfun. Níbi tó ti ń we bébà mọ́ ọ̀kan, ó rẹ́rìn-ín, ó ní, “Òjìji Ọ̀gá! Ohun tí gbogbo wa jí nìyí.”

Mo bi í pé òjìji wo.

Ó yà á lẹ́nu. Ó ní ṣé n kò mọ̀ ni? Òjìji inú àwòrán Ọ̀gá kì í bá nǹkan rẹ̀ mu. Nǹkan kan ló máa ń dúró, òjìji òmíràn ni yóò wà nílẹ̀. Ó ní ẹni tó bá ń ya sílípáàsì lóde òní, tó fi òjìji ẹsẹ̀ ẹlòmíràn sí i, ibẹ̀ ló ti rí i. Àwọn ọ̀mọ̀wé ti kọ̀wé lé e lórí. Àwọn kan ní ẹ̀mí àwọn tó ti lọ ni. Àwọn kan ní orílẹ̀-èdè wa ni, ohun tí a jẹ́ àti ohun tí a dà. “Ọ̀gá kò fèsì rí. Wọ́n á bi í, yóò máa fọ búrọ́ọ̀ṣì.”

Ó lọ. Mo mú rúlà tí mo fi ń kọ́ ọmọ ní ìṣirò, mo wọn ọn. Àwòrán kan, òmíràn, òmíràn. Búùtà inú àwòrán: ẹnu kúkúrú, ó tẹ̀ kọrọdọ. Òjìji rẹ̀: ẹnu gígùn, ó tọ́ gbọnrangandan.

Ó mọ̀.

Ó mọ̀ láti ọjọ́ kìn-ín-ní. Àwòrán mẹ́rìnlélógójì láti ọdún 1999. Ọdún márùndínlọ́gbọ̀n ni ọkùnrin yìí fi jẹ oúnjẹ mi, tó ń dúpẹ́, tó ń fi ohùn pẹ̀lẹ́ pè mí, tó sì ń jí láràárọ̀ láti ya èyí tí mo sun sẹ́yìn èyí tí mo rà. Ayé ń pàtẹ́wọ́. Èmi náà pàtẹ́wọ́.

Ọjọ́rú, 12 Oṣù Kejì

Mo fi aṣọ bo búùtà náà kí n má baà rí i. Ó wá dà bí òkú tí a tẹ́ sílẹ̀. Mo ṣí i padà.

Ọjọ́bọ̀, 13 Oṣù Kejì

Mo lọ sí Iléṣà, ilé wa ní Ìsọ̀kun. Inú kànga ẹ̀yìnkùlé níbẹ̀ ni mo ju búùtà tó jóná sí nígbà náà. Wọ́n ti dí kànga. Wọ́n ti da kọnkéré lé e, adìẹ ń jẹ lórí rẹ̀. Mo dúró níbẹ̀ títí Lucy, àbúrò mi, fi jáde wá wò mí.

Mo jẹ́wọ́ fún un. Òun ni ẹni àkọ́kọ́. Ó kọ́kọ́ rẹ́rìn-ín, ó ní búùtà lásán-làsàn ni mo ń sunkún lé bí ẹni tó pa ènìyàn. Ẹ̀rín rẹ̀ wá tán. Ó bi mí, “Ọmọ yẹn ńkọ́? Salmah? Ẹrù ọkọ kọ́ ni o sun o, Àǹtí. Ẹrù ìyá ọmọ ni. Ọmọ ni kí o lọ bá.”

Inú ọkọ̀ ni mo ti ń ronú rẹ̀ bọ̀. Ìgbà tí mo dé ilé Ọlọ́dà, Salmah, ọmọ kan ṣoṣo tí Onílé bí, a máa di etí ìró mi mú, a máa pè mí ní Màmá. Ó pé ọmọ ọdún méje, ó sì yí padà lójijì. Ó di “Àǹtí”. Kò di aṣọ mi mú mọ́. Mo gbà pé ẹ̀jẹ̀ ló mọ̀ pé èmi kọ́ ni ìyá rẹ̀. N kò bi í.

Ọjọ́ Àbámẹ́ta, 15 Oṣù Kejì

Salmah dé láti Kàdúná, níbi tó ti ń ṣe iṣẹ́ nọ́ọ̀sì. Ọmọ ọdún mẹ́tàlélọ́gbọ̀n. Ó kúnlẹ̀ kí mi, ó gbé ẹrù rẹ̀ wọlé, kò sọ̀rọ̀ púpọ̀. Bó ti máa ń ṣe nìyẹn. N kò rí i kó wọ yàrá bàbá rẹ̀ rí, àní lọ́jọ́ tí a sin ín.

Wisdom gbé búùtà wá bá a. “Ẹrù ìyá yín rèé. Tí ìpàtẹ bá parí, ẹ̀yin la máa dá a padà fún.”

Salmah kó ọwọ́ méjèèjì sẹ́yìn. Ó ní kó gbé e sílẹ̀.

Mo rò pé ó ti mọ̀ pé ayédèrú ni.

Ọjọ́ Ajé, 17 Oṣù Kejì

Mo gbọ́dọ̀ kọ ọ́ bó ṣe rí.

Láàárọ̀, a jọ ń bẹ iṣu. Mo ní, “Salmah, búùtà tó wà nínú yàrá yẹn, kì í ṣe ti ìyá rẹ. Èmi ni mo sun ti ìyá rẹ.”

Kò gbójú sókè. Ó ń bẹ iṣu lọ. “Mo mọ̀, Àǹtí.”

Ó ní òun dúró lójú fèrèsé lọ́jọ́ náà, òun rí mi ní ẹ̀yìnkùlé tí mo ń fi òkúta lu búùtà tuntun tí mo sì ń sunkún. Bàbá rẹ̀ ti Ìbàdàn dé, ó gbé búùtà fún àlùwàlá, ó wò ó, ó gbé e sílẹ̀. Mo ti lọ sọ́jà. Ó pe ọmọ náà jókòó. Ó bi í pé, “Ta ló pààrọ̀ búùtà ìyá rẹ?”

“Mo ní èmi ni. Mo ní mo gbé e ka iná níbi tí mo ti ń ṣeré, pé Àǹtí lọ ra òmíràn kí wọ́n má baà nà mí.”

Ọ̀bẹ bọ́ lọ́wọ́ mi.

Mo ní, kí ló dé? Kí ló dé tí o fi sọ bẹ́ẹ̀?

“Wọ́n ti gbé ìyá kan jáde nínú ilé yìí. Mo rò pé tí bọ̀ọ̀mi bá mọ̀, wọ́n á gbé ẹ̀yin náà jáde.”

Ó ní bàbá òun kò nà án. Ó kàn ní, “Àǹtí rẹ ti ṣe ìyá fún ọ. Má sọ fún un pé mo mọ̀.” Ó sì dìde, ó wọ yàrá, ó ti ilẹ̀kùn. Kò gbé ọmọ náà lé itan mọ́ láti ọjọ́ náà. Yóò wò ó ní àwòpẹ́, yóò sì padà sídìí àwòrán.

Ohun tó fi ń ṣe mí jẹ́jẹ́ nìyẹn! Gbogbo ohùn pẹ̀lẹ́ yẹn, gbogbo ọdún yẹn — ó rò pé ọmọ rẹ̀ ni mo bò láṣìírí; ẹ̀san àánú tí n kò ṣe. Ọmọ ló sì gba ìtìjú tó jẹ́ tèmi.

Mo bi í ìdí tó fi dẹ́kun àti máa pè mí ní Màmá. Ó da iṣu sínú omi kó tó dáhùn.

“Mo ń retí pé ẹ máa sọ fún un. Lójoojúmọ́ ni mo ń retí. Ẹ kò sọ.”

Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, 18 Oṣù Kejì

Ọmọ ọdún méje. Ọmọ ọdún méje.

Ọjọ́ Àbámẹ́ta, 22 Oṣù Kejì

Gbọ̀ngàn kún. Àwọn ayàwòrán láti Èkó, akẹ́kọ̀ọ́, oníwèé ìròyìn, ará àdúgbò. Lucy wá láti Iléṣà. Gbogbo wọn ń fi ìka tọ òjìji lójú ògiri. Salmah jókòó tì mí, ó ń wo ilẹ̀.

Wisdom mú gbohùngbohùn. Ó sọ̀rọ̀ dáadáa. Ó ka ohun tí àwọn ọ̀mọ̀wé sọ nípa òjìji, ti ẹ̀mí, ti orílẹ̀-èdè. Ó ní ṣùgbọ́n ìdílé ni kó sọ fún wa, kí ló ṣẹlẹ̀ ní ọdún 1999? Ó na gbohùngbohùn sí Salmah, torí òun ni ọmọ ìyá tó ni búùtà.

Salmah dìde. Ó wò mí. Ó ní, “Mo kéré nígbà náà. Mo ń ṣeré ní ilé ìdáná —”

Ó fẹ́ tún irọ́ náà pa! Obìnrin tó ti dàgbà, lójú gbogbo ayé, ó tún fẹ́ bá mi rù ú.

Mo gba gbohùngbohùn lọ́wọ́ rẹ̀. Mo ní, “Ẹ má gbà á gbọ́. Irọ́ yìí ló pa fún bàbá rẹ̀ nígbà tó wà lọ́mọ ọdún méje, torí kí wọ́n má baà lé mi. Èmi Ẹ̀bùnọlá ni mo sun búùtà Fàtímọ̀. Èmi ni mo ra èyí tí ẹ ń wò. Èmi ni mo dákẹ́. Bàbá ọmọ yìí kú kó tó mọ̀ pé ọmọ rẹ̀ kò ṣe nǹkan kan.”

Kò sí ẹni tó pàtẹ́wọ́. Ẹnì kan wúkọ́.

Nígbà tí mo yíjú, Salmah kò sí lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi. Ó ti lọ síbi ògiri, síwájú àwòrán kìn-ín-ní ọdún 1999. Ó sún mọ́ ọn. Ó gbé ojú sókè, ó ń wò ó, láti òkè dé ilẹ̀, bí ẹni tó ń ka lẹ́tà tí wọ́n ti fi ránṣẹ́ sí i tipẹ́.

Àwọn ènìyàn yà fún un. Ó dúró níbẹ̀ títí. N kò pè é.