Ẹ̀rọ Ò Mọ Ìka Mi Mọ́

Rachna ọmọ mi,

Ṣé àlàáfíà lo wà ní Pune, ṣé iṣẹ́ ń lọ, ṣé àwọn ọ̀gá ò fìyà jẹ ọ́? Kí òrìṣà abẹ́ igi dóńgóyárò wa máa ṣọ́ ọ láàárín èrò. Àwa náà wà. Mo ní àwa, èmi àti ẹfọ̀n ni, wàrà ẹ̀ sì ti ń dín kù láti ìgbà tí ìyá rẹ ti kú, torí ohùn ìyá rẹ ló mọ̀.

Ọ̀rọ̀ tó wà nílẹ̀ rèé. Oṣù méjì rèé tí mi ò rí àlìkámà ìjọba gbà. O mọ̀ pé ìyá rẹ ni wọ́n kọ sínú káàdì pé ó jẹ́ olórí ilé. Nígbà tí wọ́n kọ ọ́, inú bí mi, odidi ọjọ́ mẹ́ta ni mi ò fi bá a sọ̀rọ̀, ó sì ń gbé oúnjẹ wá bá mi. Mo wá rò pé òun ni ẹ̀rọ tí a ń tẹ ìka sí ká tó gba àlìkámà yẹn ṣì ń retí. Mo bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, mo sọ fún ẹ̀rọ náà jẹ́jẹ́ pé Imarti ìyá rẹ ti kú, kó gba ìka tèmi. Kò gbà. Ghasiram tó ń pín àlìkámà ní ìka mi ti bó, ìlà ara ẹ̀ ti parẹ́, ó ní bàbá, àbí iná lẹ fi ń fọwọ́ ni. Gbogbo èrò ẹ̀yìn mi bú sẹ́rìn-ín. Òótọ́ ni pé irin tí mo fi ń yan róòtì ló jó mi, ṣùgbọ́n èmi mọ̀ pé ojú ló ń ti ẹ̀rọ náà, pé ọkùnrin onírunmú bíi tèmi ń po ìyẹ̀fun róòtì. Bhuri aládùúgbò wa náà a máa yọjú lórí ògiri láràárọ̀, a máa pè mí ní ìyàwó tuntun, pé ṣé róòtì ti wú, àbí ká ránṣẹ́ pe ìyá ọkọ yín.

Tí oṣù yìí bá parí tí mi ò rí i gbà, wọ́n á pa orúkọ ilé wa rẹ́. Ìyẹ̀fun tó kù nílé ò ju ti ọjọ́ mẹ́sàn-án lọ. Àwa mẹ́ta la wà nínú káàdì, ìka tìrẹ nìkan ló ṣẹ́ kù tó dára. Torí náà, ra yíǹkì, tẹ àtàǹpàkò rẹ sórí bébà, kí o fi ránṣẹ́, kí n gbé e fún ẹ̀rọ. Tẹ méjì, bóyá ọ̀kan á sọnù lọ́nà. Fi igba rúpì sí i, kí n fi ra òróró tí màá fi pa ọwọ́. Ghasiram ní àfi kí ìka náà wá fúnra ẹ̀, ṣùgbọ́n mo mọ̀ pé àwọn ọ̀gá rẹ kì í fún ọ láyè.

Tí o bá ń fèsì, bá mi kọ ọ́ síbẹ̀ bí ìyá rẹ ṣe máa ń yí róòtì padà tí iná kì í jó o. Ọdún mọ́kànlélọ́gbọ̀n ló fi yan án níwájú mi, mi ò wò ó rí.

Kí ọwọ́ rẹ má bá iná pàdé.

Èmi ni, bàbá rẹ,
Harlal