Ohun Tí Mo Rí Nínú Àwòrán Tó Ń Rìn, Blackpool

Ọjọ́ Àìkú, 30 oṣù kẹjọ, 1903
Gbogbo ará ìlú Oldham ti dé Blackpool. Ilé iṣẹ́ òwú wọn tì fún ọ̀sẹ̀ ìsinmi. Èèyàn mọ́kànlá nínú yàrá mẹ́ta tí mo fi háyà. Mo gba kọ́bọ̀ kọ̀ọ̀kan lórí iyọ̀ àti ata. Èèpo edé lórí àtẹ̀gùn, itọ́ lójú fèrèsé. Ìríra.
Tattersall, àfẹ́sọ́nà Hetty ọmọ mi, kò wá. Ọlọ́ràá ni mò ń pè é, nítorí ọ̀rá tó ń fi pa irun. Ó kọ̀wé pé ọ̀gá òun ò jẹ́ kí òun kúrò nídìí iṣẹ́ ní Oldham.

Ọjọ́ Ajé, 31
Mo bi Buckley tó wọ̀ sílé mi bóyá àwọn kan ṣì ń ṣiṣẹ́ ní Oldham.
“Ìyá onílé, iṣẹ́ wo? Ológbò nìkan ló kù níbẹ̀, òun náà ń wá ọkọ̀ bọ̀!”
Wọ́n rẹ́rìn-ín. Èmi ò rín. Mo ti ra aṣọ ìgbéyàwó, ọ̀pá mẹ́sàn-án. Oṣù kẹsàn-án ni mo fẹ́ kó jẹ́ — Hetty àti Ọlọ́ràá ní àfi oṣù kẹwàá.

Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, 1 oṣù kẹsàn-án
Ọkùnrin alápótí ń yí ọwọ́ ẹ̀rọ rẹ̀ létí òkun, ó ń ya èèyàn sínú àwòrán tó ń rìn. Wọ́n ń ti ara wọn síwájú rẹ̀ bí ewúrẹ́ tó rí iyọ̀. “Ẹ wá wo ara yín lálẹ́ Ọjọ́bọ̀! Tọ́rọ́ péré!” Hetty ní òun ń lọ bá Entwistle aládùúgbò wa fọṣọ.

Ọjọ́ Ẹtì, 4
Entwistle ló fà mí lọ wo àwòrán náà lánàá. “Tọ́rọ́ lásán ló ń dùn ọ́ báyìí? Ahun!”
Òórùn ẹsẹ̀, òórùn ọtí. Àwọn òmùgọ̀ ń pariwo orúkọ ara wọn. Lójijì — Ọlọ́ràá nínú àwòrán. Ó ṣí fìlà sí wa. Obìnrin tín-ín-rín kan rọ̀ mọ́ apá rẹ̀, òrùka lọ́wọ́, aṣọ ìnujú lẹ́nu. Lẹ́yìn wọn, Hetty, ó di ọmọ kékeré kan lọ́wọ́ mú.
Entwistle ní, “Hetty rẹ rèé! Ọmọ ta nìyẹn?”
Mo délé. Hetty ń jẹ búrẹ́dì. Ojú ò tì í.
“Ìyàwó rẹ̀ ni, Màmá. Ó rò pé ọmọ ni wọ́n gbà mí láti máa tọ́jú. Ikọ́ ti jẹ ẹ̀dọ̀fóró rẹ̀ tán. Dókítà ní kò lè kọjá oṣù yìí.” Ó nu ẹnu. “Kí lẹ rò pé a fi mú oṣù kẹwàá?”

Ọjọ́ Àbámẹ́ta, 5
Oldham ń lọ sílé. Mo dé ibùdó rélùwéè láàárọ̀. Obìnrin náà jókòó sórí ẹrù, ó ń húkọ́. Ọlọ́ràá rí mi, ojú rẹ̀ funfun bí ẹfun. Mo kọjá lára rẹ̀. Mo bọ́ ìbọ̀wọ́ mi, mo jókòó ti ìyàwó rẹ̀. “Èmi ni ìyá Hetty,” mo ní, “ọ̀rọ̀ kan wà tí o gbọ́dọ̀ gbọ́ nípa ọkọ rẹ.”