Bàbá, Ẹ̀yìn Mi Nìkan Ni Ẹ Rí

Bàbá mi, ẹ kú ilé o. Mo dọ̀bálẹ̀, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé ilẹ̀ Leeds níbí tutù ju kí ènìyàn fi àyà kàn án lọ. Àlàájà ìyá mi, ẹ kú ìrọ́jú ẹsẹ̀. Mo gbọ́ pé ẹ ti ń rìn dé ẹnu ọ̀nà láìfara ti ògiri, ọpẹ́ ni fún Ọlọ́run. Sídíkátù àbúrò mi, ìwọ tí wàá ka lẹ́tà yìí fún Bàbá nítorí ojú wọn, mo kí ọ. Jọ̀wọ́ má fo ibì kankan, títí kan ibi tí mo ti sọ ohun tí o sọ fún mi.

Bàbá, mo mọ̀ pé ẹ máa bèèrè ìdí tí ọ̀rọ̀ ọmọ sí bàbá fi gba inú ìwé ìròyìn kọjá kó tó dé ọ̀dọ̀ yín. Gbangba ni ọ̀rọ̀ náà ti ṣẹlẹ̀, lójú Lémọ́ọ̀mù àti àwọn ẹgbẹ́ yín. N kò rò pé ó tọ́ kí n wá tún un ṣe ní kọ̀rọ̀.

Òjò ń rọ̀ bí mo ṣe ń kọ̀wé yìí. Òjò ibí kì í pariwo. Ó máa ń rọ̀ wínníwínní láti àárọ̀ títí ilẹ̀ á fi ṣú, kò ní pa ènìyàn, kò sì ní jẹ́ kí aṣọ gbẹ. Nígbà tí mo ṣẹ̀ṣẹ̀ dé, ohun tí àárò rẹ̀ kọ́kọ́ sọ mí ni ariwo òjò lórí páànù ìsọ̀ pákó yín ní Ìjẹ̀bú-Òde. Tó bá ti ń rọ̀ báyẹn, ẹnì kan kì í gbọ́ ohùn ẹnì kejì. Ẹ óò dúró láàárín ìsọ̀, ẹ óò máa fi ọwọ́ sọ fún àwọn tó ń ru pákó pé èyí kọ́, tọ̀hún ni, ẹ rọra, ẹ sọ̀ ọ́. Gbogbo wọn á máa wo ọwọ́ yín, iṣẹ́ á sì máa lọ. Lẹ́yìn ọ̀pọ̀ ọdún ni mo tó mọ̀ pé mo ti rí iṣẹ́ mi níbẹ̀ kí n tó mọ orúkọ rẹ̀.

Iṣẹ́ wà, ara sì le. Ìdáwà ni kò tán. Ènìyàn bí ọgọ́rin ni mo ń bá ṣiṣẹ́ ní àárọ̀. Tó bá di ìrọ̀lẹ́, èmi nìkan ni mo ń mu gaàrí nínú kíṣìnì, tí mo ń gbọ́ bí eyín mi ṣe ń fọ́ ẹ̀pà. Gaàrí tí Àlàájà fi rán ẹni tó ń bọ̀ lóṣù tó kọjá dé ọwọ́ mi, ó kan bó ṣe yẹ kó kan. Sídí náà sì ti ní owó oògùn ẹsẹ̀ ti dé.

Ẹ ti bi mí rí pé kí ni mo ń ṣe gan-an. Mo ṣàlàyé pé àwọn kan ń ta fáólíìnì, àwọn kan ń fun fèrè, àwọn kan ń lu ìlù, gbogbo wọn ló jókòó, èmi nìkan ló dúró, èmi nìkan ni n kò sì lu ohunkóhun. Igi tẹ́ẹ́rẹ́ kan ló wà lọ́wọ́ mi. Ẹ bèèrè bí igi náà ṣe ń dún. Mo ní kì í dún. Ẹ wá ní ṣé wọ́n sì ń san owó oṣù fún mi. Mo gbọ́ ẹ̀rín Àlàájà lẹ́yìn yín lórí fóònù.

Ẹ̀yin lẹ kọ́kọ́ kọ́ mi láti tẹ́tí. Kí ẹ tó ra pákó, ẹ máa ń fi ìka kàn án, ẹ óò gbọ́ ọ wò. Èyí tó bá dún gan-an ti gbẹ, èyí tí ohùn rẹ̀ bá wúwo ṣì ní omi nínú. Bí ẹ ṣe ń kan pákó bẹ́ẹ̀ ni ẹ máa ń kun orin wéré sábẹ́ imú, orin tí ẹ̀yin àti àwọn ẹgbẹ́ yín fi ń jí àwọn ènìyàn sí sààrì nínú oṣù Rámádánì nígbà tí ẹ wà ní ọ̀dọ́. Ọ̀sán ni mo ń gbọ́ ìyẹn. Ní àárọ̀, ní ilé ìwé àwọn onígbàgbọ́ tí ẹ fi mí sí, olùkọ́ orin ń fi dùùrù kọ́ wa ní orin ìsìn, ohùn mẹ́rin lẹ́ẹ̀kan náà. Kò sí ẹni tó sọ fún mi nígbà náà pé orin méjèèjì kò gbọdọ̀ pàdé. Àárọ̀ àti ọ̀sán ọjọ́ kan náà ni wọ́n jẹ́ lójú mi.

Lẹ́yìn yunifásítì ní Èkó, mo wá kọ́ iṣẹ́ adarí ọ́kẹ́sírà níbí. Ọ̀pọ̀ ọdún ni mo fi darí orin àwọn òyìnbó àtijọ́ nìkan. Mo fẹ́ràn wọn, mo ṣì fẹ́ràn wọn. Nígbà tí wọ́n wá fún mi láyè láti yan orin fúnra mi, mo kọ wéré sílẹ̀ fún fáólíìnì àti fèrè, mo fi sákárà sáàárín wọn. Oníròyìn kan níbí kọ ọ́ pé mo ń sọ gbọ̀ngàn di agbo ijó. Ará ilé kan ní Èkó ní mo wọ kóòtù fún orin wa nínú oòrùn. Àwọn tó ń wòran kò bá ẹnikẹ́ni jiyàn, wọ́n kàn ń wá. Nígbà tó yá, wọ́n fi mí ṣe olórí adarí.

Ìdí nìyẹn tí mo fi kó àwọn eléré wá sílé, sí Ìjẹ̀bú-Òde, lọ́dún tó kọjá. Díẹ̀ bá mi wá láti ibí, àwọn tó pọ̀ jù wá láti Èkó, àwọn onísákárà wá láti Ayépé. Níbi ìdánrawò, ohun kan ṣẹlẹ̀ tó yẹ kó ti là mí lójú. Ọwọ́ ọ̀tún ni àwa adarí fi ń pín ìlù, ọwọ́ òsì la fi ń pe ẹni tó kàn pé kó wọlé. Mo na ọwọ́ òsì sí àgbà onísákárà. Wọn kò lù ú. A tún un bẹ̀rẹ̀, mo tún na ọwọ́ òsì. Wọ́n gbé sákárà lé itan, wọ́n ń wo àjà. Ẹni tó jókòó tì wọ́n ló wá rọra jíṣẹ́ fún mi pé Bàbá onísákárà ní ọmọ tí àwọn bí kò tíì fi ọwọ́ òsì pe àwọn rí, ẹni tó wọ bàálù wá kọ́ ló máa bẹ̀rẹ̀ rẹ̀. Gbogbo ilé rẹ́rìn-ín. Mo tọrọ gáfárà, mo sì ń tẹrí ba fún wọn nígbàkígbà tó bá ti kàn wọ́n. Wọn kò ṣì í lẹ́ẹ̀kan. Mo rò pé mo ti yanjú ọ̀rọ̀ ìwà ilé tán nìyẹn.

Lẹ́yìn ìrun àsárì lọ́jọ́ Sátidé ni a bẹ̀rẹ̀ eré. Àwọn tó ṣètò gbọ̀ngàn fi ẹ̀yin àti Lémọ́ọ̀mù àti àwọn ẹgbẹ́ yín sí ìlà iwájú, lórí àga onítìmùtìmù, nítorí pé ibẹ̀ ni wọ́n ka ọlá sí. Kò sí ẹni tó sún mọ́ ẹ̀yìn mi tó yín nínú gbọ̀ngàn náà. Mo jáde, mo rí yín nínú agbádá funfun, mo tẹrí ba, inú mi dùn, mo sì yíjú sí àwọn eléré. Nígbà tí mo máa yí padà ní àkókò ìsinmi, àga yín ti ṣófo.

N kò bi yín, ẹ kò sì sọ. Mo gbà pé orin ni kò tẹ́ yín lọ́rùn, mo sì gbé ìyẹn wọ bàálù padà síbí. Láti ìgbà náà, tí mo bá pè, ẹ óò ní ara yín le, ẹ óò sì gbé fóònù fún Àlàájà. Mo ṣí ìwé orin wéré yẹn títí, mo ń wá ibi tó ti lè bí yín nínú. Mo yọ fèrè kúrò níbì kan, mo dín ìlù kù níbòmíràn.

Nínú Rámádánì tó kọjá ni Sídí sọ fún mi ohun tí ẹ sọ nínú ọkọ̀ nígbà tí ẹ ń padà sílé lọ́jọ́ eré náà. Ó ní ẹ ní ẹ kò tilẹ̀ mọ̀ bóyá orin náà dùn tàbí kò dùn. Ẹ ní ẹ wọ agbádá, ẹ dé fìlà, ẹ lọ jókòó láàárín ènìyàn, ọmọ yín wá jáde, ó kí yín lẹ́ẹ̀kan, ó sì kẹ̀yìn sí ẹ̀yin àti Lémọ́ọ̀mù bí ẹni tí ẹ jẹ ní gbèsè. Ó ní Àlàájì Lásísì ọ̀rẹ́ yín wá sọ ní mọ́ṣáláṣí lọ́jọ́ kejì pé àwọn kò tíì lè dá ojú ọmọ yín mọ̀ lójú títì, ṣùgbọ́n tó bá kẹ̀yìn, kò sí ibi tí àwọn kò ti ní mọ̀ ọ́n. Sídí ní gbogbo wọn rẹ́rìn-ín, ẹ̀yin nìkan ni ẹ kò rẹ́rìn-ín.

Bàbá, kì í ṣe àrífín. Àwọn eléré kò lè ṣiṣẹ́ tí wọn kò bá rí ojú mi, torí ojú ni wọ́n ń kà ju igi lọ. Níbí, ẹ̀yìn adarí kò jẹ́ nǹkan kan lójú ẹnikẹ́ni. Mo ti pẹ́ láàárín wọn débi pé kò jẹ́ nǹkan kan lójú èmi náà mọ́.

Ohun tó ń bà mí lẹ́rù nìyí. Ọjọ́ orí yín ti gòkè, èmi pàápàá ti ń hu ewú. Ẹ̀ẹ̀kan péré ni ẹ wá wo ohun tí mo fi ayé mi ṣe, ẹ̀yìn kóòtù ni ẹ rí. N kò fẹ́ kó jẹ́ pé ibẹ̀ ló máa parí sí láàárín wa.

A tún ń bọ̀ ní Sátidé tó tẹ̀lé Iléyá. Nígbà tí mo gbọ́ ọ̀rọ̀ Sídí, mo rántí pé nínú gbọ̀ngàn wa níbí, àwọn àga kan wà lẹ́yìn àwọn eléré, tí ẹni tó bá fẹ́ rí ojú adarí máa ń lọ jókòó sí. Mo rán Sídí sí yín pé irú ibẹ̀ la máa gbé àga yín sí ní Ìjẹ̀bú-Òde, ojú mi ni ẹ óò máa rí láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin. Ẹ bi í pé àwọn eléré tó máa jókòó níwájú yín tó mélòó. Ó ní wọ́n á lé ní àádọ́ta. Ẹ ní ṣé ẹ̀yìn kan ni mo wá kó kúrò, tí mo wá fi àádọ́ta rọ́pò rẹ̀.

Mo rẹ́rìn-ín títí nínú kíṣìnì. Bí ẹ ṣe máa ń bá àwọn tó ń kó pákó wá tà fún yín dúnàádúrà gan-an nìyẹn, ọ̀rọ̀ kan péré, ọjà á sì padà sórí ọkọ̀. Ohùn yín ni mo gbọ́ nínú ohùn Sídí, mo sì mọ̀ pé ẹni tó ṣì ń dúnàádúrà kò tíì kúrò nínú ọjà. Mo jókòó, mo ya gbọ̀ngàn náà sórí ìwé, mo ń wá ibi tí kò sí ẹ̀yìn ẹnikẹ́ni.

Ibì kan ṣoṣo ni. Àwọn eléré máa ń jókòó ní àbọ̀ òṣùpá, èmi ni mo ń dúró ní ẹnu àbọ̀ náà. Ní ẹ̀gbẹ́ mi gan-an, láàárín èmi àti wọn, àyè àga kan wà. Ibẹ̀ la máa ń fi ẹni tí a torí rẹ̀ gbé orin kalẹ̀ sí, ẹni tí gbogbo yòókù ń gbè lẹ́sẹ̀. Ẹni tó bá jókòó síbẹ̀ ń rí ojú mi, ó ń rí ojú àwọn eléré, àwọn tó ń wòran sì ń rí tirẹ̀. Apá òsì adarí la sábà máa ń fi í sí níbí. Tiyín máa wà ní apá ọ̀tún. Mo ti sọ fún àwọn eléré, wọ́n sì ti sún àga wọn.

N kò ní kí ẹ kọrin. N kò ní kí ẹ ṣe ohunkóhun. Tí oorun bá gbé yín lọ níbẹ̀, ẹ sùn. Àyè àga kejì wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ yín fún Àlàájì Lásísì, tó bá wù yín kí wọ́n wá. Ìbàdí yín ni mo ń rò, ìyẹn ni mo ṣe ní kí Sídí bi yín bóyá àga onítìmùtìmù lẹ fẹ́ tàbí èyí tó ní ibi ìgbọ́wọ́lé. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ dá a lóhùn. Àga tí ẹ bá dárúkọ fún un ni ìdáhùn tí mo ń retí.

Ọlọ́run yóò fún ẹ̀yin àti Àlàájà ní àlàáfíà, yóò fi ìrọ̀rùn sí ẹsẹ̀ wọn àti ojú yín. Ìsọ̀ kò ní dà yín láàmú, ilé kò ní dà yín rú. Ẹ bá mi kí Lémọ́ọ̀mù, ẹ kí àwọn tó kù nínú ẹgbẹ́ yín, ẹ kí gbogbo ará ọjà pákó, ẹ kí àwọn ìyàwó ilé àti àwọn ọmọ. Ojú wa á rí ara wa láyọ̀ o.

Èmi ni ọmọ yín,
Tàjúdíìnì.