Ẹlẹ́rìí Mẹ́tàdínlógójì Lórí Ìwé Ẹyọ Kan

Àkọ́bí mi ọ̀wọ́n,

Ṣé dáadáa ni o wà? Ṣé ara ń le, ṣé ọ̀gá yín tó máa ń kanra mọ́ yín ti ń rọjú díẹ̀? Mo bẹ Ọlọ́run kó máa ṣọ́ àlọ àti àbọ̀ rẹ, kí àtẹ̀gùn gíga tó o ń gùn lójoojúmọ́ má ṣe yọ̀ mọ́ ọ lẹ́sẹ̀. Èmi wà dáadáa, mo tilẹ̀ wà ju dáadáa lọ. Ìyàwó tuntun ni ìyá rẹ! Lánàá, mo gbá ilé lẹ́ẹ̀mẹta nítorí inú mi ń dùn, títí ọkọ mi fi ní kí n jọ̀ọ́, kí n ṣẹ́ erùpẹ̀ díẹ̀ kù fún ọ̀la.

O ní wọn ò fún ọ láàyè níbi iṣẹ́ lọ́jọ́ ìgbéyàwó, mo sì gbà bẹ́ẹ̀. Ọ̀rọ̀ ìwé ni mo fẹ́ bá ọ sọ. Láti ìgbà tí bàbá rẹ ti kú ni o ti ń bá mi bójú tó ọ̀rọ̀ ìwé, àmọ́ lọ́tẹ̀ yìí mo ní kí n fọwọ́ ara mi ṣe é, ṣebí èmi náà ka ìwé mẹ́wàá.

Nígbà tí pásítọ̀ so wá pọ̀ tán, wọ́n buwọ́ lu ìwé kan, wọ́n gbé e fún wa, wọ́n ní kí àwa àti àwọn ẹlẹ́rìí buwọ́ lù ú, kí a sì dá a padà sí ọ́fíìsì ìjọba kí ọjọ́ mẹ́rìnlá tó pé, àìjẹ́ bẹ́ẹ̀ ìgbéyàwó wa kò ní sí nínú àkọsílẹ̀ ìjọba. Ni wọ́n bá sáré lọ wọ ọkọ̀, torí wọ́n ń rin ìrìn àjò. Mo wo ìwé náà, ìlà méjì péré ni wọ́n fà fún ẹlẹ́rìí. Ìlà méjì! Ta ni mo fẹ́ mú, ta ni mo fẹ́ fi sílẹ̀? Ẹ̀gbọ́n mi obìnrin ti nawọ́ gba bírò. Àbúrò bàbá rẹ, tí mi ò tilẹ̀ retí pé ó máa wá, dúró síbẹ̀, ó ń wò mí lójú. Mo ní ẹni tó bá ti fojú ara rẹ̀ rí i, ẹlẹ́rìí ni. Bí gbogbo wọn ṣe tò nìyẹn. Iwájú ìwé kún, wọ́n bọ́ sí ẹ̀yìn. Aládùúgbò wa tí a ń pè ní Kò-tán-síbẹ̀ buwọ́ lù ú lẹ́ẹ̀mejì, ó ní ti àkọ́kọ́ kò wu òun. Èèyàn mẹ́tàdínlógójì! Ṣé ìjọba tún lè bi èèyàn ní ìbéèrè kankan lẹ́yìn ìyẹn?

Àyè kan tún wà nísàlẹ̀ tí wọ́n kọ sí pé òṣìṣẹ́ ìjọba nìkan ni kó kọ nǹkan síbẹ̀. Mo ronú díẹ̀, mo ránṣẹ́ pe ẹ̀gbọ́n ọkọ mi, tó fi ọgbọ̀n ọdún jẹ́ olùkọ́ ilé-ìwé ìjọba. Wọ́n wọ jígí wọn, wọ́n kà á láti òkè dé ìsàlẹ̀, wọ́n fi bírò pupa kọ ọ́ síbẹ̀ pé, “Ẹ ṣe dáadáa.” Ìwé náà sì béèrè ipò tí mo wà kí n tó ṣègbéyàwó. Mo kọ ọ́ pé, “Mo dá wà fún ọdún mẹ́sàn-án, ara mi le, mi ò sì fi yọ ẹnikẹ́ni lẹ́nu.” Àyè náà kéré, wínníwínní ni mo kọ ọ́.

Lọ́jọ́ Ajé, a gbé e lọ. Ọmọbìnrin tó gbà á lọ́wọ́ wa kò jù ọ́ lọ lọ́jọ́ orí. Bó ti ń yí ìwé náà síwá sẹ́yìn ni ọkọ mi rí i pé aago ara ògiri wọn fi ìṣẹ́jú mọ́kànlá lọ́ra, o sì mọ̀ pé aláago kì í lè mójú kúrò, ni wọ́n bá gun àga lọ tún un ṣe. Ọmọbìnrin náà bi mí pé ta ló kọ “Ẹ ṣe dáadáa” sí àyè tòun. Mo ṣàlàyé fún un. Ó gbé orí lé tábìlì. Mo rò pé ó ń gbàdúrà fún wa ni, mo ṣe àmín.

Nígbà tó gbórí sókè, ó ní ìwé ti bàjẹ́. Ó ní ẹlẹ́rìí méjì, méjì náà ni, àti pé pásítọ̀ ló gbọ́dọ̀ kọ òmíràn, pásítọ̀ kò sì ní dé títí oṣù á fi parí. Ìgbà náà ló wá ka ohun tí mo kọ nípa ipò mi. Ó wá ní ọ̀nà kan ṣì wà: ká padà wá ní Ọjọ́bọ̀ tó ń bọ̀, ní aago mẹ́wàá, ọ̀gá òun á so wá pọ̀ níbẹ̀, lójú ẹlẹ́rìí méjì tó fẹsẹ̀ ara wọn wá, ìwé á sì jáde lọ́jọ́ náà gan-an. Ọmọ mi, èmi tí ẹnì kan ní mo ti dàgbà jù láti ṣègbéyàwó lẹ́ẹ̀kan, mo fẹ́ ṣe é lẹ́ẹ̀mejì láàárín ọ̀sẹ̀ méjì, ọkùnrin kan náà!

Ọmọ ọkọ mi, èyí tó ń ṣe wẹ́dà, ló máa buwọ́ lu ìlà àkọ́kọ́. Ẹ̀gbọ́n mi ti fẹ́rẹ̀ẹ́ já ilẹ̀kùn mi nítorí ìlà kejì, mo ní ìlà yẹn ní ẹni tó ni ín. Ìwọ ni. Àwòrán bàbá rẹ ṣì wà níbi tó wà nínú pálọ̀. Ní Sátidé, ọkọ mi nu gíláàsì rẹ̀, wọ́n sì tún ìṣó rẹ̀ kàn, torí ó ti ń dà sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. Mi ò rán wọn níṣẹ́.

Awakọ̀ tó ń ná ọ̀nà yín ni mo fi lẹ́tà yìí rán, torí tí mo bá pè ọ́, obìnrin inú fóònù rẹ yẹn á tún ní o ò sí nítòsí, mo sì ti kí i títí, kò dá mi lóhùn rí. Owó tí o máa ń fi ránṣẹ́ lóṣooṣù, má fi ránṣẹ́ lóṣù yìí, fi wọkọ̀ wá. Tó bá ṣẹ́kù, bá mi ra bírò tó dára, torí okùn ni wọ́n fi so ti ọ́fíìsì ìjọba yẹn mọ́ tábìlì, okùn náà kò sì gùn. Mú káàdì ìdánimọ̀ rẹ dání. Mo ti tẹ́ bẹ́ẹ̀dì rẹ.

Ibikíbi tí o bá ti pẹ́ kí o tó dé láyé yìí, Ọlọ́run á jẹ́ kí o bá ẹni tó ti fi ìlà kan sílẹ̀ dè ọ́.

Èmi ni ìyá rẹ,
ìyàwó aláago.