Ohùn tí Ẹ Gbọ́ ní Ilé Bíńgò

Ọ́fíìsì Olórí Ìlú,
Thornsea.

Sí Ìyáàfin Winifred Ollerenshaw, ẹni ọ̀wọ̀,

Èmi Olórí Ìlú, tí ẹ̀wọ̀n wúrà oyè ń bẹ lọ́rùn mi, kí yín tọ̀wọ̀tọ̀wọ̀. Mo gbà á ládùúrà pé ara yín le, pé òtútù etíkun kò sì wọ̀ yín léegun. Ìgbìmọ̀ ìlú ti jókòó, a ti yiiri ọ̀rọ̀ yín wò, a sì ti fọwọ́ sí i pé etí yín ń gbọ́ràn, ọpọlọ yín sì pé ju ti…

Màmá, n kò lè bá irọ́ Olórí Ìlú yìí lọ mọ́. Èmi Denzil ni, ọmọ Maureen tó ń ta tíì ní ilé bíńgò.

Ohùn tí ẹ gbọ́ ní Tọ́sìdé, èmi ni. Ẹ mọ̀ pé nílé bíńgò, kò sẹ́ni tó ń gbójú sókè. Páálí nọ́ńbà tí ẹ ń fàmì sí lojú yín wà, etí nìkan lẹ fi ń tẹ̀ lé ẹni tó ń pe nọ́ńbà. Mo ti yọjú wo páálí yín, nọ́ńbà kan ṣoṣo ló kù kí ẹ jẹ tẹ́tẹ́ náà. Bí Ọ̀gá Cyril tó ń pe nọ́ńbà ṣe dákẹ́ kó mumi báyìí, mo lúgọ sẹ́yìn àga yín, mo fi ohùn rẹ̀ gan-an sọ ọ́ jẹ́jẹ́, pẹ̀lú ìnagijẹ tí wọ́n fún nọ́ńbà náà níbẹ̀: "Ìyá sísanra méjì, méjìdínláàádọ́rùn-ún!" Ẹ fò dìde, ẹ ké pé, "Mo jẹ o!" Ni gbogbo ilé bá bú sẹ́rìn-ín. "Winnie, ta ló pè é fún ẹ, áńgẹ́lì?" "Ẹ bá a fọ etí o jàre!" Èmi náà rẹ́rìn-ín. Ojú ń tì mí láti fi inki kọ ìyẹn.

Ẹ sọ fún mi rí pé ẹ sunkún nígbà tí wọ́n lé àwọn olórin dànù níbẹ̀, títí kan Bàbá, ọkọ yín, àti fèrè wọn. Ẹ ní, "Wọ́n sọ ilé ijó di ilé ìṣirò." Ṣùgbọ́n nígbà tí àwọn àlejò ìgbà ẹ̀ẹ̀rùn kọrí sí Spéènì, tí gbogbo yàrá tí ẹ fi ń gbà wọ́n sílé ṣófo, ibẹ̀ nìkan ló kù tí iná ń jó nígbà òtútù, tẹ́nì kan á sì bi yín pé, "Winnie, ṣé dáadáa lo sùn?" Láti Tọ́sìdé yẹn ẹ ò débẹ̀ mọ́. Èmi ni mo lé yín kúrò níbẹ̀.

Màmá mi ní Enid ọmọ yín ń bọ̀ ní Sátidé láti kó yín lọ sílé àwọn arúgbó, torí ẹ sọ fún un fúnra yín pé, "Mo ti ń gbọ́ ohùn tí kò sí." Màmá, ohùn náà wà. Nǹkan kan ò ṣe yín. Ẹ fi lẹ́tà yìí hàn án. Bó bá ní irọ́ ni, ẹ pè mí, màá fi ohùn Ọ̀gá Cyril pe nọ́ńbà yẹn níṣojú rẹ̀, kó bú mi tó bó ṣe fẹ́.

Kí Ọlọ́run jẹ́ kí ẹ pẹ́ nínú ilé yín, lórí bẹ́ẹ̀dì ara yín.

Èmi ni ọmọ aládùúgbò yín tó ṣẹ̀ yín,
Denzil Crabtree.

Àfikún: Mo wà lórí ògiri kékeré iwájú ilé yín. Òjò ń pa mí, ṣùgbọ́n ẹ má torí ẹ̀ dárí jì mí.