Ta Ló Pa Aláàmù Bẹ́ẹ̀dì Láńre?

Ọjọ́bọ̀, 6 Máàsì 2025
Láńre, ọmọ mi, ṣubú ní ọsibítù lánàá. Ọmọ ọdún mẹ́tàlélọ́gbọ̀n. Wọ́n ṣiṣẹ́ abẹ fún un ní orúnkún, wọ́n ní kò gbọdọ̀ dá dìde. Aago mẹ́ta ọ̀sán — mo lọ mú ọbẹ̀ ẹ̀ gbóná. Kí n tó padà dé, ó ti forí sọlẹ̀. Ẹ̀jẹ̀ nínú ọpọlọ. Ọlọ́run mi.

Àbámẹ́ta, 8 Máàsì
Ó lajú. Kò mọ̀ mí.

Ìṣẹ́gun, 18 Máàsì
Dárasími, àbúrò ẹ̀, wá láti ilé ẹ̀ ní Snellville. Madam Ìbéèrè mi. Ó ti rí lọ́yà kan tó máa ń so táì bíi labalábá — Labalábá náà ni màá máa pè é. Ó ní ṣíṣubú nìkan ò tó láti fi pe ọsibítù lẹ́jọ́. A ní láti fi hàn pé wọ́n mọ̀ pé Láńre lè ṣubú, pé wọn ò ṣe ohun tó yẹ, pé ìyẹn ló sì fà á tó fi ṣubú. Ìwé ọsibítù sọ pé aláàmù bẹ́ẹ̀dì, èyí tó máa ń han tí aláìsàn bá fẹ́ dìde, wà ní títàn. Ẹ̀rọ fúnra ẹ̀ sọ pé wọ́n pa á ní aago méjì kọjá ìṣẹ́jú mẹ́wàá.
"Mummy, ẹ̀yin lẹ wà níbẹ̀. Ta ló pa á?"
Mo ní mi ò rí ẹnikẹ́ni.

Ọjọ́rú, 19 Máàsì
Irọ́ ni mo pa. Èmi ni mo ní kí wọ́n pa á. Tí Láńre bá ti yíra padà báyìí, á han gooro, ọmọ ò sì tíì sùn láti ọjọ́ méjì. Ṣeun ló wà lẹ́nu iṣẹ́ — ọmọ ṣọ́ọ̀ṣì wa, ó ń ran àwọn nọ́ọ̀sì lọ́wọ́. Ó ní, "Mummy, wọn ò gbà wá láyè o." Mo ní ṣé bí wọ́n ṣe tọ́ ọ nílé nìyẹn, kí àgbàlagbà máa bẹ̀ ọ́? Ojú tì í. Ó pa á.

Ẹtì, 28 Máàsì
Ọsibítù ní bóyá Láńre ló fọwọ́ ara ẹ̀ pa á. Ṣeun sọ fún wọn pé òun ò mọ̀. Ó pè mí: "Ẹ fọkàn balẹ̀, Mummy. Mi ò dárúkọ yín." Ọdún yìí ló máa jáde nílé ẹ̀kọ́ nọ́ọ̀sì.
Láńre ò lè di ṣíbí mú.

Ajé, 7 Épírì
Mo jẹ́wọ́ fún Dárasími. Mo rò pé ẹjọ́ ti parí nìyẹn — kí ẹ̀bi wá sórí mi, kí wọ́n fi Ṣeun sílẹ̀. Ó ní, "Ẹ sì ń wò mí níran látọjọ́ yìí?" Ó jáde, ó lọ jókòó sínú mọ́tò ẹ̀.

Ìṣẹ́gun, 8 Épírì
Labalábá pè. Inú ẹ̀ ń dùn! Ó ní ìyá aláìsàn lè béèrè ohun tó bá wù ú. Òṣìṣẹ́ ni wọ́n kọ́ níṣẹ́, òun ni kò yẹ kó gbà. Ẹ̀rí tí àwọn ń wá gan-an nìyí. Nọ́ọ̀sì àgbà kan á búra sí i pé ohun tí Ṣeun ṣe ò bójú mu. Orúkọ Ṣeun gbọ́dọ̀ wà nínú ìwé ẹjọ́. Mo bẹ̀ ẹ́ títí pé kó yọ ọ́. Dárasími ní, "Tẹ́ ẹ ò bá sí mọ́, ta ló máa tọ́jú Bọ̀dá mi? Ṣeun ni?"

Ọjọ́bọ̀, 10 Épírì
Mo buwọ́ lu ìwé ẹjọ́ náà.

Àìkú, 13 Épírì
Ṣeun rí mi lẹ́nu ọ̀nà ṣọ́ọ̀ṣì. Ó kúnlẹ̀ pẹ̀lú aṣọ funfun lára. "Mummy, Bọ̀dá Láńre ńkọ́? Mò ń gbàdúrà fún wọn o." Ìwé ẹjọ́ ò tíì dé ọ̀dọ̀ ẹ̀. Mo ní ara ẹ̀ ń yá díẹ̀díẹ̀. Mo fà á dìde, mo gbá a mọ́ra.